Mo Ra Odindi Orin, Ariwo Jẹnẹrétọ̀ Ni Mo Gbọ́

Ẹ gbà mí o, ẹ̀yin èèyàn. Orin ni mo fi owó ara mi rà, n kò rí i gbọ́.

Àwo Paul McCartney ni, Band on the Run. Ní 1973, Àpápá, ní Èkó wa níbí, ni wọ́n ti gba púpọ̀ nínú rẹ̀ sílẹ̀, ní ilé-iṣẹ́ EMI. Àwọn olè dá ọkùnrin náà àti Linda aya rẹ̀ lọ́nà lóru, wọ́n gba kásẹ́ẹ̀tì tó fi ń ṣètò orin lọ. Fẹlá náà fajú ro, ó ní ó wá jí orin adúláwọ̀ gbé. Síbẹ̀ òyìnbó parí àwo rẹ̀. Èmi tí mo jókòó jẹ́ẹ́ ní Òkè-Gádà, ní Ẹdẹ, tí olè kankan ò dá lọ́nà, ìdákan rẹ̀ ò dé etí mi.

MP3 ni mo ń gbọ́ tẹ́lẹ̀. Àfi ìgbà tí ọmọ àbúrò mi tó wà ní Pólì sọ fún mi pé wọ́n ti gé lára ohùn yẹn kí ó lè fúyẹ́. Ó ní FLAC ni kí n wá: bó ṣe wà lórí síídì, tí wọ́n ń wọn ohùn ní ìgbà 44,100 láàárín ìṣẹ́jú àáyá kan, bẹ́ẹ̀ náà ni yóò ṣe wà, wọn ò yọ ohunkóhun kúrò. Mo gbà. Ó lé ní 200 mẹ́gábáìtì. Dátà tó yẹ kó gbé mi dé òpin oṣù gbẹ lọ́sàn-án ọjọ́ kan. Orin tí wọ́n gbà sílẹ̀ ní Àpápá, mo wá ń sanwó láti lọ gbé e wá láti òkè òkun!

Mo tan sípíkà Bluetooth. Ọmọ náà bú sẹ́rìn-ín.

“Bàbá, Bluetooth yẹn tún ti ń gé e.”

“Ó ń gé kí ni?”

“Ohùn tí ẹ rà.”

Mo lọ ra íápíìsì oníwáyà ní Ọjà Tìmì. Mo délé, mo yí fóònù síwá sẹ́yìn: kò níhò! Mo tún padà lọ ra wáyà kékeré tí wọ́n ń so mọ́ ojú ibi tí a ti ń gba iná sí i. Bí mo ṣe ki í bọ̀ ọ́, àwọn oníná mú iná lọ. Alájọgbélé mi tan jẹnẹrétọ̀. Ẹ̀rọ ìlọta ẹ̀gbẹ́ wa náà dáhùn.

Ìyàwó mi ki íápíìsì kan bọ etí. “Bàbá Ṣọlá, ṣebí orin àná náà nìyí?”

“Èyí pé ni.”

“Kí ló wá kù nínú tàná?”

Ẹ ò rí nǹkan! Ní Ẹdẹ, ìlú tí Ọba John Adétóyèṣe Láoyè ti jẹ Tìmì, ọba tó ń fọwọ́ ara rẹ̀ lu dùndún! Orí oyè ló ṣì wà ní 1973 yẹn. Ta ni yóò sọ fún wa pé bí wọ́n bá gé ohùn ìlù díẹ̀, ọ̀rọ̀ ti dàrú?

Alájọgbélé mi, ẹ jọ̀wọ́, ìṣẹ́jú 41 péré ni gbogbo àwo náà. Lọ́sàn-án Sunday, ẹ bá mi pa jẹnẹrétọ̀ yẹn. Epo ti alẹ́ ọjọ́ náà, èmi ni n ó rà á.