Ọlọ́pàá Tí Kóòtù Ní Kó Ṣọ́ Yín

Òfin Ọlọ́pàá ti ọdún 2020 sọ ọ́ kedere ní Nàìjíríà: ọlọ́pàá kò gbọdọ̀ mú ènìyàn nítorí pé ó yẹ àdéhùn lásán. Ìjà ilẹ̀, ìjà owó ilé, kóòtù ló ni wọ́n. Ṣùgbọ́n ẹni tó bá mọ àwọn ọmọ onílẹ̀ Èkó mọ̀ pé ìwé ìdájọ́ kì í dá àdá dúró. Ìjọba Èkó ṣòfin ààbò dúkìá lọ́dún 2016. Bóyá àwọn ajagungbalẹ̀ kò tíì kà á tán ni.

Ká ní ẹ ní ẹjọ́ ilẹ̀ ní kóòtù. Lọ́yà yín á wá bẹ adájọ́ pé kí ọlọ́pàá máa ṣọ́ yín. Adájọ́ á pàṣẹ. Ó wá ku ti àgọ́ ọlọ́pàá. Wọ́n á ní mọ́tò wà, epo ni kò sí. Ẹ ó ra epo. Wọ́n á ní ilẹ̀ yẹn mà jìnnà o, ebi ò gbọdọ̀ pa àwọn ọmọ. Ẹ ó gbé ìrẹsì, ẹ ó fi omi inú ọ̀rá lé e. Tó bá di ọ̀sán, ẹ̀gbọ́n yín tí ẹ jọ ń ṣẹjọ́ á gbé ẹmu dé, sájẹ́ǹtì á sì dìde kí i: "Bàbá wa, ẹ káàbọ̀ sà!"

Ẹ jọ̀wọ́, kí ẹ tó lọ sí kóòtù, ẹ kọ́kọ́ ṣírò owó oúnjẹ àwọn tó máa ṣọ́ yín.