Ọ̀rẹ́ Wo Ni Kóòtù Fẹ́ Bà Jẹ́?

"A kì í ti kóòtù dé ká ṣọ̀rẹ́," ni àwọn àgbà wí, òótọ́ pọ́ńbélé sì ni, nítorí pé ẹni méjì tí wọ́n ti ń jẹun nínú àwo kan, tí wọ́n wá lọ ka ẹ̀ṣẹ̀ ara wọn sí adájọ́ létí, ó ṣòro kí wọ́n tó tún fi ẹ̀rín pàdé ara wọn. Ṣùgbọ́n ẹ wo ibi tí àwa ọmọ Ìbàdàn Ilé Olúyọ̀lé gbé òwe náà lọ. Ẹ yà sí ilé ẹjọ́ gíga ní Ring Road lówùúrọ̀ ọjọ́ Ajé, kí ẹ wò ó bóyá ẹ kò ní í bá ọmọ bàbá kan náà níbẹ̀ tí wọ́n ń fa ogún ilẹ̀ mọ́ ara wọn lọ́wọ́, tí òwe kò sì dá ọ̀kankan nínú wọn dúró. Àmọ́ ẹni tí ọkọ̀ máíkírà gbá ní Agbówó, tí kò mọ awakọ̀ náà rí láti ọjọ́ tí a ti bí i, òun ni ó ń fi òwe ọ̀rẹ́ di ojú ọgbẹ́. Ọ̀rẹ́ wo ni kóòtù fẹ́ bà jẹ́ níbẹ̀?

Ẹ kúkú ti rí i rí. Máíkírà gbá ìyá alákàrà lẹ́bàá títì, kí ìyá tó mọ̀ bóyá eegun ló ṣẹ́ tàbí iṣan ló fà, awakọ̀ ti dọ̀bálẹ̀ gbalaja sínú eruku, àwọn ọmọ gáréèjì ti yí ìyá ká, bàbá kan tí ẹnikẹ́ni kò pè sì ti ń wí pé, "Ìyá, ẹ bá wa fi í ṣe ti Ọlọ́run, ẹ̀yin náà lọ́mọ lójú títì." Wọ́n ki ₦5,000 bọ̀ ọ́ lọ́wọ́, gbogbo wọn ṣe àmín, wọ́n túká. Nígbà tí oṣù kejì pé, tí ìyá ta agbada àkàrà kí ó lè san owó X-ray, a kò rí bàbá onílàjà mọ́. Àgbà wà lọ́jà, orí ọmọ tuntun sì wọ́ bí ó ṣe wù ú. Ìlú tí oríkì rẹ̀ ní olè ibẹ̀ a máa jàre olóhun kò ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀.

Èyí tí ó pani lẹ́rìn-ín jù ni pé ohun tí ó yẹ kí ó tọ́jú ẹsẹ̀ ìyá wà nínú ọkọ̀ náà gan-an. Òfin ní ọkọ̀ kankan kò gbọdọ̀ dójú títì láìní ìnṣọ́ránsì third party, nítorí ẹni tí ọkọ̀ lè ṣe léṣe ni a sì ṣe ń rà á. Nígbà tí NAICOM, àjọ tí ń ṣàkóso ìnṣọ́ránsì, sọ iye rẹ̀ fún ọkọ̀ aládàáni di ₦15,000 láti ₦5,000 ní oṣù kìn-ín-ní ọdún 2023, gbogbo wa pariwo. Ta ni ó béèrè ohun tí owó náà wà fún? Lójú wa, ìwé tí a ń nà sí ọlọ́pàá àti VIO ni, kí wọ́n lè jẹ́ ká kọjá. Ẹlòmíràn tún ń bẹ̀rù pé bí òun bá béèrè ẹ̀tọ́, ọmọ ọlọ́mọ yóò ṣẹ̀wọ̀n. Bẹ́ẹ̀ ẹjọ́ owó ìpalára kì í rán ènìyàn lọ sẹ́wọ̀n, owó ni ó ń gbà.

Bákan náà ni ọ̀rọ̀ rí níbi iṣẹ́. Bí ẹ̀rọ bá gé ọmọ ilé búrẹ́dì níka ní Challenge, yóò ní ọ̀gá òun ṣe òun dáadáa, òun kò lè bá a ṣẹjọ́. Ta ló ní kó ṣẹjọ́? Employee's Compensation Act ti ọdún 2010 ti ní kí ọ̀gá máa san ìdá kan nínú ọgọ́rùn-ún owó oṣù àwọn òṣìṣẹ́ sí àpò NSITF, kí àpò náà lè tọ́jú ẹni tí ó fara pa, láìbéèrè ẹni tí ó jẹ̀bi. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó bá dákẹ́, tara rẹ̀ á bá a dákẹ́: ọjọ́ 14 ni òfin fún un láti fi tó ọ̀gá létí, ọdún kan ni láti béèrè owó, bí ó bá sì jẹ́ òṣìṣẹ́ ìjọba àpapọ̀ ni ó ṣe ènìyàn léṣe lẹ́nu iṣẹ́ ọba, oṣù mẹ́ta péré ni ilẹ̀kùn ẹjọ́ fi ń ṣí sílẹ̀.

Àwọn kan tún wà tí fíìmù Amẹ́ríkà ti yí lórí, tí wọ́n rò pé èékánná tí ó ṣẹ́ lè ra ilé ní Bódìjà. Adájọ́ kì í ṣe Bàbá Ìjẹ̀bú onílọ́tìrì. Ohun tí ènìyàn ná ni yóò fi rìsíìtì hàn, ohun tí dókítà rí ni dókítà yóò kọ sílẹ̀, ẹni tí ó bá sì fojú fo afárá ẹlẹ́sẹ̀, tí ó sáré gba ìsàlẹ̀ kọjá, yóò gbọ́ ìpín tirẹ̀ nínú ẹ̀bi.

Ìlàjà dára, ìwà ọmọlúàbí ni. Ṣùgbọ́n kí onílàjà kọ́kọ́ gbé ẹni tí ó fara pa dé ọsibítù, kí ó kọ nọ́ńbà ọkọ̀ àti orúkọ ilé iṣẹ́ ìnṣọ́ránsì sílẹ̀, kí ó tó bẹ̀rẹ̀ ẹ̀bẹ̀. Ẹni tí ó bá sì wù láti fi í ṣe ti Ọlọ́run, kí ó fi owó ara rẹ̀ ṣe é, kí ó má fi ẹsẹ̀ ẹlẹ́sẹ̀ ṣe é.