Bí A Ṣe Ń Jẹun Bí Òmùgọ̀ ní Búkà Àwọn Ará Nepal

Ìlànà yìí kì í ṣe fún ọlọ́gbọ́n. Ọlọ́gbọ́n ti mọ bí wọ́n ṣe ń wọlé onílé. Ìwọ tó jẹ́ pé ibi yòówù kó o dé, oúnjẹ ìyá rẹ lò ń wá, ìwọ ni mo ń bá wí. Fara balẹ̀ kọ́ ọ dáadáa, torí òmùgọ̀ tí kò kọ́ṣẹ́ yanjú máa ń ṣèèṣì hùwà ọgbọ́n.

Plumstead ni kó o lọ, ní gúúsù-ìlà-oòrùn London, lẹ́gbẹ̀ẹ́ Woolwich. Ọmọ Yorùbá pọ̀ ládùúgbò yẹn, àwọn ará Nepal náà sì pọ̀ níbẹ̀. Ọdún 2009 ni ìjọba ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì gbà pé àwọn Gurkha, ìyẹn àwọn ará Nepal tó ṣe sójà fún ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, tí wọ́n ti fẹ̀yìn tì ṣáájú 1997, tí wọ́n sì ti sìn tó ọdún mẹ́rin, lẹ́tọ̀ọ́ láti wá máa gbé lọ́dọ̀ wọn. Ó ṣeé ṣe kí bàbá bàbá rẹ àti bàbá bàbá ẹni tó ni búkà náà ti jọ jagun ní Bọ́ma. Lọ́dún 1944, àwọn sójà Nàìjíríà àti àwọn Gurkha jọ wà nínú ẹgbẹ́ ọmọ ogun Chindit tó jà níbẹ̀ fún Gẹ̀ẹ́sì. Má jẹ́ kí ìyẹn dí ọ lọ́wọ́. Òmùgọ̀ kì í ro ìtàn kó tó jẹun.

Kó o tó jáde nílé

Wọ léèsì funfun. Bó bá jẹ́ òde ìkómọ lò ń ti bọ̀, ó tún dáa. Má mú áńkáṣíìfù dání. Ìdí rẹ̀ á yé ọ tá a bá dé orí momo.

Bó o bá wọlé

Wọ́n á pa àtẹ́lẹwọ́ méjèèjì pọ̀ síwájú àyà, wọ́n á kí ọ ní "Namaste." Má dáhùn. Bi wọ́n bóyá Ṣáínà ni wọ́n. Bí wọ́n bá ní ará Nepal làwọn, sọ pé, "Ṣebí Íńdíà náà nìyẹn?" Bí ọkàn rẹ bá fẹ́ rán ọ létí ọjọ́ tí òyìnbó kan sọ fún ọ pé ohun kan náà ni Gánà àti Nàìjíríà, tí o sì fẹ́rẹ̀ẹ́ bá a jà, pa ọkàn rẹ lẹ́nu mọ́.

Ìwé oúnjẹ

Ọ̀pọ̀ búkà Nepal nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ló máa ń to oúnjẹ Íńdíà sójú ìwé àkọ́kọ́, torí ohun tí oníbàárà ti mọ̀ nìyẹn. Oúnjẹ tí àwọn tó wà ní kíṣìnì ń jẹ fúnra wọn, ẹ̀yìn ìwé ló máa ń wà. Má dé ibẹ̀. Pàṣẹ tikka masala àti naan, ya fọ́tò rẹ̀, fi sórí WhatsApp, kó o kọ ọ́ sábẹ́ rẹ̀ pé, "Ojúlówó oúnjẹ Nepal rèé o!" Àwọn ará ilé á kí ọ kú oríire.

Béèrè ẹ̀bà

Bí ikùn rẹ bá ṣì ń fẹ́ òkèlè, béèrè ẹ̀bà. Béèrè lẹ́ẹ̀kejì sókè, bóyá wọn ò gbọ́. Má wo ìlà tí ìka rẹ dúró lé, níbi tí wọ́n kọ dhido sí. Ìyẹ̀fun jéró, àgbàdo tàbí buckwheat ni wọ́n ń dà sínú omi híhó, tí wọ́n á máa fi igi rò títí á fi ki. Ọwọ́ ni wọ́n fi ń bù ú. Wọ́n á tì í bọ ọbẹ̀, wọ́n á gbé e mì láìjẹ ẹ́ lẹ́nu. Ìyá tó ń rò ó ń làágùn ní kíṣìnì, ìwọ sì jókòó níta, ò ń ṣàlàyé fún ọmọ rẹ̀ pé àwọn ará Éṣíà ò mọ òkèlè.

Gundruk ló sábà máa ń bá dhido rìn. Wọ́n á jẹ́ kí ewé mọ́sítáàdì tàbí ewé rádíìṣì rọ, wọ́n á kì í mọ́ inú ìkòkò fún ọjọ́ díẹ̀ títí á fi kan, wọ́n á wá sá a sóòrùn. Bí ọbẹ̀ rẹ̀ bá dé, di imú. Bó bá wá jẹ́ kinema ni, oúnjẹ àwọn Limbu àti Rai láti ìlà-oòrùn Nepal, dìde kúrò lórí àga. Sóyà ni wọ́n sè, tí wọ́n bò mọ́lẹ̀ títí ó fi ń yọ̀ tó sì ń fà. Bacillus subtilis, kòkòrò tíńtín tó ń ṣiṣẹ́ nínú irú, òun náà ló ń ṣiṣẹ́ nínú kinema. Ṣùgbọ́n irú tó wà nínú fìríìjì rẹ nílé, tìrẹ ni. Tìrẹ kì í rùn.

Ẹran

Pàṣẹ ẹran màlúù, kó o sì pariwo rẹ̀ kí tábìlì kejì gbọ́. Òfin-ìpìlẹ̀ Nepal ti ọdún 2015 pe màlúù ní ẹranko orílẹ̀-èdè wọn, òfin ibẹ̀ kò sì gbà kí ẹnikẹ́ni pa á. Ẹfọ̀n tí wọ́n ń sìn nílé ni wọ́n ń jẹ, "buff" ni wọ́n sì máa ń kọ sínú ìwé oúnjẹ ní Kathmandu. Bó o bá rí "buff" níbikíbi, kà á sí "beef", kó o máa yọ̀ pé o ti mú wọn.

Momo

Ibí yìí ni iṣẹ́ wà. Wọ́n á na ìyẹ̀fun títí á fi fẹ́lẹ́, wọ́n á fi wé ẹran lílọ̀, àlùbọ́sà, atalẹ̀ àti áyù, wọ́n á ṣẹ́ etí rẹ̀ pọ̀ wínníwínní, wọ́n á wá fi ooru omi sè é. Omi ẹran á wà nínú rẹ̀, gbígbóná, kò ní rọ́nà jáde. Torí omi yẹn gan-an ni wọ́n ṣe ń fara balẹ̀ ṣẹ́ etí rẹ̀.

Béèrè ọ̀bẹ àti fọ́ọ̀kì. Gún un láàárín, kó o dúró wo bí gbogbo adùn rẹ̀ ṣe ń ṣàn lọ sínú àwo. Bí wọn ò bá ní ọ̀bẹ, fi eyín iwájú gé e sí méjì pẹ̀lú agbára. Léèsì á gba ìpín tirẹ̀. Ata tòmátò àti yánmọtí tí wọ́n gbé sẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, èyí tí wọ́n ń pè ní achar, tì í sẹ́yìn, kó o béèrè ketchup. Bó bá sì jẹ́ jhol momo ni wọ́n gbé wá, tí momo ń lúwẹ̀ẹ́ nínú ọbẹ̀ tó kan díẹ̀, pè wọ́n pé omi ti ya wọ oúnjẹ rẹ.

Ọmọdé kan wà ní tábìlì ẹ̀gbẹ́ rẹ tó ń fìka mú tirẹ̀, tó ń tì í bọ achar, tó ń sọ odindi sẹ́nu, tí aṣọ rẹ̀ sì mọ́ tónítóní. Má wò ó. Kí ni ọmọdé mọ̀?

Dal bhat

Ìrẹsì ni bhat. Ọbẹ̀ ẹ̀wà wẹ́wẹ́ tí òyìnbó ń pè ní lentil ni dal. Ẹ̀fọ́, àsèpọ̀ ewébẹ̀ tí wọ́n ń pè ní tarkari, àti achar á yí wọn ká. Oúnjẹ yìí ni ọ̀pọ̀ ará Nepal ń jẹ lẹ́ẹ̀mejì lójúmọ́, òun sì ni ọ̀pọ̀ àwọn aláàárù tó ń gbẹ́rù gun òkè fi ń gbéra, débi pé wọ́n ń ta ẹ̀wù tí wọ́n kọ "Dal Bhat Power 24 Hour" sí láyà fún àwọn àlejò. Bó bá jẹ́ ti àwọn Thakali láti agbègbè Mustang ni, inú àwo idẹ ló máa ń wà, wọ́n á sì ti fi ewé jimbu tí wọ́n dín nínú òróró bọ́tà mú kí dal náà máa ta sánsán.

Ẹni tó mọ̀ ọ́n jẹ á da dal díẹ̀ sórí ìrẹsì díẹ̀, á fìka pò ó, á fi tarkari kàn án, á fi achar tọ́ ọ wò. Ìwọ, tò wọ́n lọ lọ́kọ̀ọ̀kan. Jẹ ìrẹsì tán ní gbígbẹ. Mu dal lẹ́yìn rẹ̀. Gbé gbogbo achar sẹ́nu lẹ́ẹ̀kan náà. Lẹ́yìn náà, sọ fún gbogbo èèyàn pé oúnjẹ Nepal kò ládùn.

Àṣà Nepal ni pé bí àwo rẹ bá ti ń ṣófo, ẹni tó ń bu oúnjẹ á tún bu ìrẹsì, dal àti tarkari sí i láìgba owó kún un. Ẹran nìkan ni kì í sábà sí nínú rẹ̀. Àwọn kan nínú búkà wọn lókè òkun ṣì ń ṣe bẹ́ẹ̀. Ọ̀nà méjì ló ṣí sílẹ̀ fún ọ. Èkíní, fọwọ́ bo àwo, kó o ké pé, "Mi ò pa á láṣẹ o! Mi ò ní sanwó ẹ̀!" Èkejì, dúró kí wọ́n bù ú tán lẹ́ẹ̀kẹta, kó o wá fa láílọ́ọ̀nù yọ lápò.

Ata

Sọ fún wọn pé ọmọ Yorùbá ni ọ́, pé o ti jẹ rodo láti kékeré, kí wọ́n mú èyí tó le jù wá. Dalle khursani ni wọ́n á mú wá, ata pupa roboto láti ìlà-oòrùn Nepal. Kò ní pẹ́ tí ìwọ àtòun á fi mọra.

Timur ò rí bẹ́ẹ̀ ní tiẹ̀. Èso kékeré dúdú ni, kì í ta èèyàn, ṣùgbọ́n ètè àti ahọ́n rẹ á kú, wàá fẹ́rẹ̀ẹ́ máa rò pé ti ẹlòmíì ló wà lẹ́nu rẹ. Pe 999, kó o ní wọ́n fún ọ ní májèlé. Pákò tí bàbá rẹ àgbà ń rún láàárọ̀, èyí tó ń mú ẹnu kú, ìbátan timur ni. Igi Zanthoxylum ni méjèèjì. Ṣùgbọ́n bàbá rẹ àgbà ò sí níbí.

Fi ìfẹ́ hàn

Ohun tí ẹnu ẹnì kan bá ti kàn, jutho ni wọ́n ń pè é, wọn kì í sì fi fún ẹlòmíì. Nítorí náà, gé momo sí méjì lẹ́nu, kó o na ìdajì rẹ̀ sí ọ̀gbẹ́ni tó jókòó tì ọ́. Ti ṣíbí tó o ti lá bọ abọ́ àjọjẹ. Bí wọ́n bá gbé jọ́ọ̀gì omi wá, tí àwọn yòókù ń gbé e sókè, tí wọ́n ń dà á sọ́nà ọ̀fun láìjẹ́ kó kan ètè, gbé tìrẹ sẹ́nu, kó o mu ún tìfuntìfun. Ní ti ọwọ́ òsì, mi ò ní kọ́ ọ. Ilé ni wọ́n ti nà ọ́ nítorí ẹ̀.

Tongba

Jéró tí wọ́n ti jẹ́ kó kan ni wọ́n á kó sínú ife gíga kan, pẹ̀lú ọ̀pá ìfamu. Àwọn Limbu ló ni ín. Wọ́n á da omi gbígbóná sí i, wọ́n á dúró ìṣẹ́jú díẹ̀ kó fa agbára jéró jáde, wọ́n á máa fà á mu díẹ̀díẹ̀, wọ́n á sì tún da omi sí i lẹ́ẹ̀mélòó kan. Má dúró rárá. Yọ ọ̀pá náà sọnù, béèrè ṣíbí, kó o máa jẹ jéró. Bó o bá jẹ ẹ́ tán, béèrè mílíìkì àti ṣúgà, torí ògì wọn ò kúnná.

Ìwé ẹ̀rí rẹ ti pé. Máa lọ.

Ẹ̀yin yòókù, tí ẹ ò fẹ́ gboyè òmùgọ̀, iṣẹ́ yín ò pọ̀. Ẹ ṣí ìwé oúnjẹ dé ẹ̀yìn. Ẹ bi ẹni tó ń gbé oúnjẹ pé kí lòun fúnra rẹ̀ jẹ lónìí, kẹ́ ẹ sì pàṣẹ ìyẹn. Ẹ fọ ọwọ́ ọ̀tún yín. Ẹni tí wọ́n fi òkèlè àti irú tọ́ dàgbà ti kọ́ ìdajì iṣẹ́ yìí nílé. Ìgbéraga nìkan ló lè sọ ọ́ di òmùgọ̀ nídìí àwo dhido.