Ooru Ọ̀fẹ́
Àwọn ará wa ní London ń sanwó gáàsì kí ilé wọn lè móoru. Àánú wọn ń ṣe wá ní Okokomaiko, ní Ọ̀jọ́ l'Ékòó. Ọ̀fẹ́ ni tiwa: oòrùn á gba orí páànù wọlé láàárọ̀, ooru rẹ̀ á bá wa mọ́jú, á lé oorun dànù, kò ní béèrè mítà, kò ní béèrè káàdì. Òtútù ni àwa ń rà. Láti oṣù Kẹrin ọdún 2024 tí NERC, àjọ tó ń ṣàkóso iná mànàmáná, ti gbé owó yúníìtì iná kan ní Band A láti náírà 68 lọ sí 225, ẹ̀rọ amúlétutù ti di ọ̀ṣọ́ ògiri ní Iba tó múlé tì wá: à ń nù ún, a kì í tàn án. Ẹ̀bẹ̀ kan ṣoṣo la ní: kí ẹnikẹ́ni má ta NERC lólobó pé wákàtí 24 ni ooru Ọ̀jọ́ ń ṣiṣẹ́ lójúmọ́. Wákàtí 20 péré lójúmọ́ ni iná gbọ́dọ̀ tàn kí àdúgbò tó lè wà ní Band A.