Onímọ̀ Ẹranko Abàmì

Lára àwọn ènìyàn tí sinimá ilẹ̀ Japan ti bí sáyé, kò sí èyí tí ó rọrùn láti dá mọ̀ tó onímọ̀ ẹranko abàmì, ìyẹn ọkùnrin tí ó fi ara rẹ̀ jìn fún àwọn fíìmù tí àwọn ará Japan ń pè ní kaijū, nínú èyí tí ẹranko fìrìgbọ̀n kan máa ń jáde láti inú òkun tàbí láti abẹ́ ilẹ̀, tí yóò sì wó ìlú ńlá palẹ̀ kí ilẹ̀ tó mọ́. Ó ti lé ní ogójì ọdún, ó níṣẹ́ gidi lọ́wọ́, ó ń san owó orí, àwọn ọmọ abẹ́ rẹ̀ níbi iṣẹ́ sì ń bọ̀wọ̀ fún un. Síbẹ̀, oyè tí ó kà kún ju gbogbo ìwọ̀nyí lọ ni oyè ọ̀jọ̀gbọ́n tí yunifásítì kankan kò fi í jẹ.

Àlejò tí ó bá ṣèèṣì pe Gojira, tí wọ́n ń pè ní Godzilla ní èdè Òyìnbó, ní aláǹgbá ńlá níwájú rẹ̀ ti fa ẹjọ́ tí kò ní tán bọ̀rọ̀ sí ara rẹ̀ lọ́rùn. Ọ̀jọ̀gbọ́n náà yóò kọ́kọ́ mí kanlẹ̀, lẹ́yìn náà ni yóò ṣàlàyé pé ní oṣù kẹta ọdún 1954, Amẹ́ríkà dán àdó olóró háídírójìn wò ní erékùṣù Bikini, tí eérú olóró sì bà lé ọkọ̀ apẹja tí ń jẹ́ Daigo Fukuryū Maru, tí ọ̀kan nínú àwọn atukọ̀ rẹ̀ sì kú ní oṣù kẹsàn-án ọdún kan náà. Nígbà tí ilé iṣẹ́ Toho gbé fíìmù Gojira jáde ní ọjọ́ 3 oṣù kọkànlá, pẹ̀lú Ishirō Honda gẹ́gẹ́ bí olùdarí, kò sí ará Japan tí kò mọ ohun tí ẹranko tí àdó olóró jí láti ìsàlẹ̀ òkun dúró fún. Bí ó bá ti ń sọ èyí, ohùn rẹ̀ á rẹlẹ̀, ojú rẹ̀ á sì le koko, nítorí pé ó fẹ́ kí ó yé àlejò náà yékéyéké pé ọ̀fọ̀ orílẹ̀-èdè ni òun ń wò, pé òun kò wo eré ọmọdé. Gbogbo ọ̀rọ̀ yìí ni ó jẹ́ òtítọ́, ibẹ̀ gan-an ni ọgbọ́n rẹ̀ sì wà.

Ẹni tí ó bá fẹ́ mọ ohun tí ó wà lọ́kàn rẹ̀ ní tòótọ́ kò gbọdọ̀ wo ẹnu rẹ̀, ìjókòó rẹ̀ ni kí ó wò nígbà tí fíìmù bá bẹ̀rẹ̀. Nígbà tí onímọ̀ sáyẹ́ǹsì Serizawa bá ń bá ẹ̀rí ọkàn rẹ̀ jà lórí ohun ìjà tí ó ṣe, èyí tí ó jẹ́ ibi tí ọ̀fọ̀ náà wà gan-an, ọ̀jọ̀gbọ́n á dìde lọ po tíì. Ṣùgbọ́n bí ẹsẹ̀ Gojira bá ti balẹ̀ ní àdúgbò Ginza, tí agogo orí ilé Wako dún tí inú sì bí ẹranko náà sí i, kò sí ohun tí ó lè gbé e kúrò lórí àga. Ó mọ̀ dájú pé Haruo Nakajima ni ó wà nínú aṣọ rọ́bà tí ìwọ̀n rẹ̀ tó nǹkan bí 100 kílógíráàmù, tí ó ń làágùn láàárín àwọn ilé kéékèèké tí Eiji Tsuburaya àti àwọn oníṣọ̀nà rẹ̀ kọ́, àti pé igbe tí ń dẹ́rù bani yẹn jáde láti inú okùn gòjé Òyìnbó tí ó ga ju ènìyàn lọ, èyí tí olórin Akira Ifukube jẹ́ kí wọ́n fi ìbọ̀wọ́ awọ fà. Ìmọ̀ yìí, tí ó yẹ kí ó ba adùn náà jẹ́, ni ó tún ń fi kún un, nítorí pé ohun tí ọwọ́ ènìyàn kọ́ tí ọwọ́ ènìyàn sì wó ní ìtura kan tí ìparun tòótọ́ kò ní.

Ohun tó wu ni ní í pọ̀ lọ́rọ̀ ẹni. Yàrá kan nínú ilé rẹ̀ kún fún àwọn ère onírọ́bà rírọ̀ tí wọ́n ń pè ní sofubi, tí ó ń rà ní Nakano Broadway ní Tokyo, tí kò sì jẹ́ kí ọmọ rẹ̀ fọwọ́ kàn. Ó lè wo ẹsẹ̀ ère kan ṣoṣo kí ó sì sọ ọdún tí wọ́n rán aṣọ tí wọ́n fi ṣe àwòkọ́ rẹ̀, nítorí pé Gojira ti 1954 ní ọmọ ìka mẹ́rin, nígbà tí ti 1962, tí ó bá King Kong jà, ní mẹ́ta. Ṣùgbọ́n bí a bá bi í léèrè ọjọ́ ìbí ìyàwó rẹ̀, yóò ní kí a dúró díẹ̀.

Ìjà kò sì tán lọ́rọ̀ rẹ̀. Ó ka fíìmù Godzilla tí àwọn ará Amẹ́ríkà ṣe ní 1998 sí ìwà ọ̀daràn, ó sì dárí ji èyí tí Gojira ti fi iná ẹnu rẹ̀ fò lójú ọ̀run ní 1971, pẹ̀lú àlàyé pé ìlòdì sí ìdọ̀tí àyíká ni kókó rẹ̀. Nígbà tí fíìmù Godzilla Minus One gba àmì ẹ̀yẹ Oscar fún iṣẹ́ àrà tí ojú ń rí nínú fíìmù ní 2024, ó yọ̀ fún ọjọ́ kan, lẹ́yìn náà ni inú rẹ̀ bàjẹ́ pé gbogbo ayé ti wọ ibi tí ó rò pé òun nìkan ni òun ní kọ́kọ́rọ́ rẹ̀.

Àṣìṣe rẹ̀ ni pé ó rò pé ìdùnnú òun nílò ìwé àṣẹ. Honda jẹ́ ológun tí ó gba Hiroshima tí ó ti di ahoro kọjá nígbà tí ó ń ti ojú ogun bọ̀ wálé, Tsuburaya sì jẹ́ ẹni tí King Kong ti 1933 wọ̀ lọ́kàn tí kò jáde mọ́. Ọ̀kan gbé ìbànújẹ́ wá, èkejì gbé eré wá, fíìmù náà sì gba méjèèjì láìbéèrè èwo ni ó ga jù. Ọmọdé tí ó ń pàtẹ́wọ́ nígbà tí ilé ń wó ti lóye ìdajì iṣẹ́ náà láìsí ìwàásù. Bí ẹnikẹ́ni bá sọ èyí fún ọ̀jọ̀gbọ́n, kò ní jiyàn rárá. Yóò kàn béèrè fíìmù tí ọmọ náà wò, nítorí pé bí ó bá jẹ́ ti 1998 ni, àtẹ́wọ́ náà kò bófin mu.