Ó Ní Òun Ò Ní í Pẹ́

Ìpàdé ọjọ́ méjì ni wọ́n pè, ọjọ́ kan ṣoṣo ni wọ́n fi ṣe é tán. Ní Satidé, ọjọ́ 25 oṣù karùn-ún ọdún 2024, wọ́n kó àwọn èèyàn jọ ní Ouagadougou, wọ́n ní kí wọ́n wá jíròrò lórí bí ìjọba fìdíhẹ Burkina Faso ṣe máa parí, nítorí ó ku oṣù kan àti díẹ̀ kí àsìkò rẹ̀ pé. Kó tó dalẹ́, wọ́n ti jíròrò tán. Ọ̀gágun Moussa Diallo tó ṣe alága ètò náà bọ́ síta, ó ka àbájáde rẹ̀ fáwọn oníròyìn: wọ́n ti fi 60 oṣù kún àsìkò Kápítẹ́ẹ̀nì Ibrahim Traoré, olórí ìjọba náà, bẹ̀rẹ̀ láti ọjọ́ 2 oṣù keje ọdún náà. Ta ló buwọ́ lu ìwé àdéhùn tuntun náà? Traoré fúnra rẹ̀ ni. Ẹ bá mi ṣírò ọgọ́ta oṣù, ẹ̀yin ará. Ọdún márùn-ún gbáko ni, iye tí wọ́n máa ń fún ẹni tí ará ìlú dìbò yàn, ẹnikẹ́ni ò sì tẹ̀ka fún ọmọkùnrin yìí rí láyé.

Hùn-ùn. Ẹ sún mọ́bí díẹ̀, ẹ má sì sọ pé ẹnu mi lẹ ti gbọ́ ọ.

Ìyẹn nìkan kọ́. Tẹ́lẹ̀, Ààrẹ ìjọba fìdíhẹ ni wọ́n ń pè é. Lọ́jọ́ yẹn náà ni wọ́n yọ fìdíhẹ kúrò lára oyè rẹ̀, ó di Ààrẹ Faso àti olórí pátápátá fáwọn ọmọ ogun. Ìwé àdéhùn àkọ́kọ́ sọ pé olórí ìjọba fìdíhẹ ò gbọdọ̀ jáde du ipò nínú ìdìbò tó máa kẹ́yìn sáà rẹ̀. Ìwé tuntun ní ó lè jáde, kò sóhun tó burú níbẹ̀. Ẹni tó ń ṣọ́ oúnjẹ làwọn alásè yìí wá fún ní ṣíbí.

Bẹ́ẹ̀, ẹ rántí bí ó ṣe dé. Ní ọjọ́ 30 oṣù kẹsàn-án ọdún 2022 tó gbàjọba, ọmọ ọdún 34 ni, ojú rẹ̀ ṣì ń dán, fìlà pupa wà lórí rẹ̀, ẹnu rẹ̀ sì dùn. Láàárín ọjọ́ mélòó kan, ó sọ fáwọn oníròyìn pé àdéhùn tí wọ́n bá àjọ ECOWAS ṣe pé kí ìlú padà sọ́wọ́ alágbádá ní oṣù keje 2024 ṣì dúró, pé òun tilẹ̀ nírètí pé ó lè ṣẹlẹ̀ ṣáájú ìgbà náà. Ṣáájú ìgbà náà o! Ní ọjọ́ 21 oṣù kẹwàá ó búra níwájú ìgbìmọ̀ tó ń ṣọ́ òfin ilẹ̀ wọn. Wọ́n ní owó oṣù kápítẹ́ẹ̀nì ló lóun á máa gbà, pé òun ò fẹ́ ti ààrẹ. Gbogbo wa la pàtẹ́wọ́. Kí n má parọ́, ọmọ náà wu èmi náà. Bó ṣe kó ọwọ́ Faransé kúrò lórí ọ̀rọ̀ wọn, tó gba díẹ̀ nínú ibi ìwakùsà góòlù padà fún ìlú rẹ̀, ó wú èèyàn lórí. Ìdí nìyẹn tí ìwà yìí fi ń dunni. Tó bá jẹ́ ọ̀lẹ ni, ta ni ì bá yà lẹ́nu?

Ogun ni wọ́n fi ń ṣàwáwí. Mi ò ní ogun kò sí. Ó ti lé ní mílíọ̀nù méjì èèyàn tí àwọn agbésùnmọ̀mí ti lé kúrò nílé wọn ní ilẹ̀ Burkina, wọ́n sì sé ìlú Djibo mọ́ láti ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 2022, tó jẹ́ pé àfi kí sọ́jà sin ọkọ̀ oúnjẹ débẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹ bá mi wo ohun tí wọ́n ti fi ogun yìí kan náà ṣe. Ní oṣù kọkànlá 2021, wọ́n pa àwọn ẹ̀ṣọ́ tó lé ní àádọ́ta ní Inata, àwọn tí wọ́n ní oúnjẹ ti tán lọ́wọ́ wọn kí ọ̀tá tó dé. Ìbínú ọ̀rọ̀ yẹn ló gbé Ọ̀gágun Damiba dìde ní ọjọ́ 24 oṣù kìíní 2022, ó lé Ààrẹ Kaboré kúrò, ó ní Kaboré ò mọ ogun jà. Ní oṣù kẹsàn-án ọdún kan náà, wọ́n dá ọkọ̀ oúnjẹ tó ń lọ sí Djibo lọ́nà ní Gaskindé, wọ́n pa ọ̀pọ̀ sọ́jà. Kò ju ọjọ́ mẹ́rin lọ lẹ́yìn rẹ̀ tí Traoré lé Damiba, ó ní Damiba ò mọ ogun jà. Ó dáa náà. Ta ló máa wá lé Traoré nígbà tí wọ́n pa sọ́jà ní Mansila lọ́jọ́ 11 oṣù kẹfà 2024, tí kò tíì pé ọ̀sẹ̀ mẹ́ta tí wọ́n fún un ní ọgọ́ta oṣù? Àwọn tó ṣe é fọ́nnu pé àwọn pa ju ọgọ́rùn-ún lọ. Ta ló máa bi í léèrè Barsalogho, níbi tí wọ́n ti kó ará ìlú lọ gbẹ́ kòtò ní oṣù kẹjọ ọdún yẹn, tí àwọn agbébọn sì ya bò wọ́n nínú kòtò? Ogun tó ń yọ ọ̀gá kúrò lórí àga nígbà kan ló wá di ohun tó ń so ọ̀gá mọ́ àga. Mo pòṣé.

Ohun tó tún ń yà mí lẹ́nu jù ni pé Ouagadougou ni irú eléyìí ti ń ṣẹlẹ̀. Ouagadougou! Ìlú tó kọ́ gbogbo wa bí wọ́n ṣe ń lé ẹni tí kò fẹ́ lọ. Ẹ̀yin ọmọ kékeré lè má mọ̀, ẹ jẹ́ n rán yín létí.

Ààrẹ wọn tẹ́lẹ̀, Blaise Compaoré, jẹ ọdún mẹ́tàdínlọ́gbọ̀n lórí àga. Bó ṣe débẹ̀ gan-an, èèwọ̀ ni: ọjọ́ 15 oṣù kẹwàá 1987 ni wọ́n yìnbọn pa Ààrẹ Thomas Sankara, ọ̀rẹ́ rẹ̀ tí wọ́n jọ ń jẹ, tí wọ́n jọ ń mu. Lẹ́yìn náà ni Compaoré wá bẹ̀rẹ̀ sí í fi òfin ṣeré. Wọ́n fi ìdíwọ̀n sáà méjì sí òfin 1991. Ní 1997 wọ́n yọ ọ́. Nígbà tí wọ́n pa oníròyìn Norbert Zongo ní oṣù kejìlá 1998, tí ìlú gbaná, wọ́n sáré dá a padà ní ọdún 2000, ọdún márùn-ún márùn-ún, ẹ̀ẹ̀mejì péré. Ìgbà tó di 2005, wọ́n ní òfin tuntun kì í ka ohun tó ti kọjá, bàbá náà wá bẹ̀rẹ̀ kíkà láti òdo. Ó jẹ 2005, ó jẹ 2010. Nígbà tó di 2014, ó tún fẹ́ kí ilé aṣòfin tún abala 37 ṣe kí òun lè tẹ̀síwájú.

Àwọn obìnrin ló kọ́kọ́ dá a lóhùn. Ní ọjọ́ 27 oṣù kẹwàá, wọ́n tú jáde sí títì pẹ̀lú omorogùn lọ́wọ́, igi tí wọ́n fi ń ro tô, oúnjẹ wọn tó jọ tùwó. Lọ́dọ̀ àwọn Mossi, obìnrin kì í gbé omorogùn sókè sí ọkùnrin. Ọkùnrin tí wọ́n bá gbé e sí, ọ̀rọ̀ rẹ̀ ti bàjẹ́ nìyẹn. Ọjọ́ kejì ni ọkùnrin, obìnrin àti ọ̀dọ́ kún Place de la Nation fọ́fọ́, àwọn ọmọ ẹgbẹ́ Balai Citoyen sì gbé ìgbálẹ̀ wọn dání. Nígbà tó di ọjọ́ 30, tí àwọn aṣòfin fẹ́ dìbò, iná jó ilé aṣòfin. Ọjọ́ 31, Compaoré kọ̀wé fipò sílẹ̀, ó fẹsẹ̀ fẹ́ ẹ lọ sí Yamoussoukro ní Côte d'Ivoire. Sáà kan péré ló ń wá o.

Ìlú yẹn kan náà lẹ wá ń wò yìí. Ní àwọn oríta ńláńlá bíi Rond-point des Nations Unies, àwọn kan wà tí wọ́n ń pè ní Wayiyan, wọ́n ń sùn síta lálẹ́, wọ́n ń ṣọ́ ọ̀nà kí ẹnikẹ́ni má baà gbàjọba lọ́wọ́ Kápítẹ́ẹ̀nì. Ẹni tó máa sọ fún wọn pé oṣù keje 2024 ti kọjá, kó wọ bàtà ìsáré.

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ̀ ń sọ pé ilẹ̀ Amẹ́ríkà náà ti ṣe é rí, mo mọ ibi tẹ́ ẹ̀ ń lọ. Òótọ́ ni pé láti ìgbà tí George Washington ti jókòó sáà méjì tó sì lọ sílé lọ́dún 1797, wọ́n sọ ọ́ di àṣà, kò sí nínú òfin, ẹnikẹ́ni ò sì borí fún sáà kẹta títí dé Franklin Roosevelt. Ogun ti ń jó ilẹ̀ Yúróòpù nígbà tó gba sáà kẹta ní 1940, ogun wà lọ́rùn wọn gan-an nígbà tó gba ẹ̀kẹrin ní 1944. Àwọn kan ń ráhùn sí i títí ó fi kú ní oṣù kẹrin 1945, wọ́n sì fi òfin dí ọ̀nà náà ní 1951. Ṣùgbọ́n ìbò ni Roosevelt lọ ń bẹ̀bẹ̀ fún! Wọ́n ń jagun, wọ́n ń dìbò. Zelenskyy ti ilẹ̀ Ukraine ńkọ́? Sáà tirẹ̀ pé ní ọjọ́ 20 oṣù karùn-ún 2024, ọjọ́ márùn-ún péré ṣáájú ìpàdé Ouagadougou, ó sì ṣì jókòó, nítorí òfin wọn ò gba ìdìbò nígbà òfin ogun, ilé aṣòfin ló sì ń sọ òfin ogun náà dọ̀tun. Ó ní àwọn tó ń pòṣé sí i, ṣùgbọ́n ìbò ló gbé e dé àga, ilé aṣòfin rẹ̀ sì ń jókòó. Èwo ni ti Traoré nínú méjèèjì? Kódà Burkina fúnra rẹ̀ dìbò lójú ogun ní oṣù kọkànlá 2020, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ọ̀pọ̀ abúlé ò rí àpótí ìbò lójú nítorí àwọn agbébọn.

Ti wa nílé náà, ẹ máa rántí: ní ọjọ́ 16 oṣù karùn-ún 2006 ni àwọn sẹ́nétọ̀ wa ní Àbújá da ọ̀rọ̀ sáà kẹta nù. Títí di òní olónìí ni Bàbá Ọbásanjọ́ ń sọ pé òun ò béèrè. A gbọ́, sà.

Ta wá ló lè ní kí Kápítẹ́ẹ̀nì lọ? Ibí yìí gan-an ni ọ̀rọ̀ ti ń tini lójú. Ní oṣù kẹrin 2023, wọ́n ṣe òfin pé ìjọba lè pe ẹnikẹ́ni wá sójú ogun. Ẹ má rò pé àwọn géńdé ọmọkùnrin ni wọ́n ń pè. Ablassé Ouédraogo, tó ti ṣe mínísítà ọ̀rọ̀ ilẹ̀ òkèèrè rí, tó ti dé ipò igbákejì ọ̀gá àjọ òwò àgbáyé, ẹni àádọ́rin ọdún, ni wọ́n kó ní ọjọ́ kérésì ku ọ̀la, 2023. Nígbà tó fi máa di oṣù kejì ọdún tó tẹ̀lé e, fídíò ti jáde, bàbá arúgbó wọ aṣọ sọ́jà, ó gbé ìbọn dání. Ẹ̀gbọ́n wa! Ẹni tó yẹ kó máa jókòó lábẹ́ igi máńgòrò. Daouda Diallo, ajàfẹ́tọ̀ọ́ ọmọnìyàn, wà nínú fídíò kan náà. Àwọn adájọ́ ńkọ́? Ní oṣù kẹjọ 2024, wọ́n pe àwọn adájọ́ àti agbẹjọ́rò ìjọba tó ń yẹ ẹjọ́ àwọn alátìlẹ́yìn ìjọba wò, wọ́n ní ẹ wá jagun. Ní oṣù kẹta 2025 wọ́n kó Guezouma Sanogo àti Boukari Ouoba, olórí àti igbákejì ẹgbẹ́ àwọn oníròyìn, àwọn náà tún rí aṣọ sọ́jà wọ̀.

Ṣé ẹ mọ ẹni tó dùn mí jù? Guy Hervé Kam. Agbẹjọ́rò ni, ọ̀kan nínú àwọn tó dá Balai Citoyen sílẹ̀, àwọn onígbálẹ̀ tó gbá Compaoré jáde. Ní oṣù kìíní 2024 ni wọ́n gbé e ní Ouagadougou. Ẹni tó fi òógùn rẹ̀ kọ́ ìlú pé sáà ní òpin ni wọ́n sọ sí àtìmọ́lé kí sáà má baà lópin.

Ẹ má tíì lọ. Àwọn ọ̀rẹ́ Kápítẹ́ẹ̀nì méjèèjì náà ń kọ́ ọ, tàbí òun ló ń kọ́ wọn, mi ò mọ̀. Ní oṣù kẹta 2025, Ọ̀gágun Tiani ti ilẹ̀ Niger búra fún ọdún márùn-ún. Ní oṣù keje, Ọ̀gágun Goïta ti Mali gba ọdún márùn-ún tirẹ̀, tó ṣeé sọ dọ̀tun. Àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ti jáde nínú ECOWAS láti oṣù kìíní 2025, torí náà kò sí àgbà àdúgbò tó máa bá wọn wí mọ́.

Oṣù keje 2025 yẹn náà ni wọ́n tú àjọ elétò ìdìbò Burkina ká, wọ́n ní ó ń ná owó jù, wọ́n kó iṣẹ́ rẹ̀ lọ sí ilé iṣẹ́ ọ̀rọ̀ abẹ́lé. Nígbà tó di oṣù kìíní 2026, gbogbo ẹgbẹ́ òṣèlú ni wọ́n tú ká, tí wọ́n lé ní ọgọ́rùn-ún. Oṣù yẹn kan náà ni Tógò fa Damiba, tó ti sá lọ sọ́dọ̀ wọn, lé wọn lọ́wọ́.

Ọgọ́ta oṣù yóò pé ní oṣù keje 2029. Kápítẹ́ẹ̀nì á ti pé ọmọ ọdún mọ́kànlélógójì, òfin sì ti gbà á láyè láti jáde du ipò. Kò sí ẹgbẹ́ tó máa fa ẹlòmíràn kalẹ̀, kò sí àjọ tó máa ka ìbò bí kò ṣe mínísítà tó ń ṣiṣẹ́ fún un. Ó ní òun ò ní í pẹ́, àbí kò sọ bẹ́ẹ̀?