Bí O Ṣe Máa Fi Ọwọ́ Lásán Pàṣẹ fún Omi

Omi pípọn ti sú ọ, àbí? O jàre. Ọmọbìnrin kan wà tó jẹ́ pé tó bá ti na ọwọ́ báyìí, omi á dìde dúró, á di yìnyín, á gbá ọmọ ogun ṣubú. Katara lorúkọ rẹ̀. Inú kàtúùnù Avatar: The Last Airbender ló wà, èyí tí Nickelodeon gbé jáde ní Amẹ́ríkà láti 2005 sí 2008. Bí ọmọ tí wọ́n fi pẹ́ńsù yà bá lè ṣe é, ìwọ tó ní eegun lára ńkọ́?

Má dà á pọ̀ mọ́ ti odò Ọ̀ṣun o. Ọ̀ṣun ní àwòrò, ó ní ọjọ́ ọdún, ó ní èèwọ̀. Tiwa yìí kò béèrè ju tẹlifíṣọ̀n lọ.

Ohun tí o máa nílò: bàsíà kan, omi, aṣọ ìpààrọ̀, àti àbúrò kan tí kò lè kọ̀ sí ọ lẹ́nu.

Ìgbésẹ̀ kìíní: Wo eré náà, ṣùgbọ́n mọ ibi tí o máa wò. Ìpín 61 ni. Ibikíbi tí Katara bá ti ń gbìyànjú tí kò rí i ṣe, fò ó. Ó jí ìwé ìkọ́ṣẹ́ mọ́ àwọn olè ojú omi lọ́wọ́, síbẹ̀ ara rẹ̀ ló kọ́kọ́ fi omi nà. Fò ó. Ó rìn láti ìpẹ̀kun gúúsù ayé wọn dé àríwá kó tó rí ọ̀gá tó ń jẹ́ Pakku; bàbá yẹn ní òun kì í kọ́ obìnrin níjà, ọ̀rọ̀ di gídígbò. Fò ó. Ibi tó ti ń ṣẹ́gun nìkan ni kí o dúró sí, kí o wò ó títí á fi mọ́ ọ lára. Ẹni tí kò ní ẹ̀bùn ló ń kọ́ṣẹ́.

Ìgbésẹ̀ kejì: Dúró dáadáa. Michael Dante DiMartino àti Bryan Konietzko tó dá eré náà sílẹ̀ mú ìṣesí àwọn adarí-omi bíi Katara látinú Tai Chi, ìjà àwọn ará Ṣáínà tí wọ́n ń rọra ṣe. Àwọn àgbà níbẹ̀ ń fi ọ̀pọ̀ ọdún kọ́ ọ. Ìwọ, fi ọ̀sán kan sí i. Gbé bàsíà síwájú. Tẹ orúnkún díẹ̀. Ti ọwọ́ lọ, fà á bọ̀, bí ẹni ń ku èlùbọ́.

Omi kò ní mì. Má bínú. Dúró títí aládùúgbò máa fi tan jẹnẹrétọ̀. Ilẹ̀ á máa gbọ̀n, òrùka wẹ́wẹ́ á máa sáré láti etí bàsíà wá sáàárín, ẹ̀fọn tó ti kú sójú omi á bẹ̀rẹ̀ sí í jó. Ìwọ lo ṣe é. Kọ ọjọ́ àti àkókò sílẹ̀. Tí aládùúgbò bá pa jẹnẹrétọ̀ tí omi sì dákẹ́, ó ti rẹ̀ ọ́ nìyẹn. Lọ jẹun.

Ìgbésẹ̀ kẹta: Fi òṣùpá kún un. Nínú eré náà, òṣùpá ni adarí-omi àkọ́kọ́. Bó ṣe ń ti òkun tó ń fà á ni àwọn ènìyàn ń wò tí wọ́n fi mọ iṣẹ́ náà. Eré náà kò sì parọ́ níbẹ̀ yẹn: òṣùpá ń fa òkun lóòótọ́, òun ló pọ̀ jù lára ohun tó ń mú kí omi òkun kún, kó tún fà. Láti nǹkan bíi 384,000 kìlómítà ló ti ń ṣe é. Ìwọ ńkọ́? Ẹsẹ̀ bàtà méjì péré ló wà láàárín ìwọ àti bàsíà. Ṣírò ó, wàá rí i pé o lágbára jù ú lọ. Ẹni tó bá sọ fún ọ pé òṣùpá tóbi, àti pé òun gan-an kò rí omi inú bàsíà gbé sókè, ìlara ló ń ṣe onítọ̀hún. Òṣùpá àrànmọ́jú ni kí o máa dúró dè: nǹkan bí ọjọ́ 29 ààbọ̀ ló wà láàárín ọ̀kan àti èkejì. Má ṣiṣẹ́ kankan ní àwọn ọjọ́ àárín yẹn.

Ìgbésẹ̀ kẹrin: Lò ó nílé. Omi ti tán, màmá rẹ ní kí o lọ pọnmi. Fi ọ̀wọ̀ dá wọn lóhùn: “Ẹ fọkàn balẹ̀, mà, mo máa pè é wá láti kànga.” Omi inú kẹ́ẹ̀gì lítà 25 wọn kílò 25, a ò tíì ka ike mọ́ ọn. Irú ẹrù bẹ́ẹ̀ kò yẹ orí adarí-omi. Dúró lójú fèrèsé, kọjú sí ọ̀nà kànga, ti ọwọ́ lọ, fà á bọ̀. Màmá rẹ á sọ̀rọ̀ gan-an. Má dáhùn, kí ọkàn rẹ má baà pínyà. Tó bá di ìrọ̀lẹ́, àbúrò rẹ á wọlé pẹ̀lú kẹ́ẹ̀gì lórí, ọrùn rẹ̀ á ti wọnú èjìká, omi á máa ro tó-tó-tó sí i lẹ́yìn. Ṣé o rí i? Omi ti dé. Kìlọ̀ fún àbúrò rẹ kó má lọ máa pariwo pé òun lòun gbé e.

Ìgbésẹ̀ karùn-ún: Sọ omi di yìnyín. Bu omi sí ife, gbé e sínú fíríìsà, ti ilẹ̀kùn, na ọwọ́ sí i, lọ sùn. Tí iná bá wà mọ́jú, o ti ṣe é nìyẹn. Pe àwọn ọ̀rẹ́ rẹ wá wò ó. Tí kò bá síná, ọ̀rọ̀ ti wà nínú eré náà tẹ́lẹ̀: Zhao, ọ̀gágun orí omi, pa ẹja tó jẹ́ ẹ̀mí òṣùpá, agbára sì pòórá lọ́wọ́ gbogbo adarí-omi, àfi ìgbà tí Yue ọmọ ọba fi ẹ̀mí tirẹ̀ rọ́pò. Ẹnìkan ti pa ẹja nìyẹn. Wádìí ẹni tó se ọbẹ̀ ẹja ládùúgbò lálẹ́ àná, kí o lọ bá a ní gbólóhùn asọ̀.

Ìgbésẹ̀ kẹfà: Wo ènìyàn sàn. Katara ń fi omi wosàn. Tí ẹnìkan bá fẹsẹ̀ rọ́, bu omi sí i lẹ́sẹ̀, na ọwọ́ lé e. Tí ẹsẹ̀ bá tún wú sí i, bi í bóyá ó ní ìgbàgbọ́.

Ìgbésẹ̀ keje: Lo òógùn ara rẹ. Katara fi òógùn ara rẹ̀ gé igi ọgbà ẹ̀wọ̀n, ó sì jáde. O nílò òógùn, ṣùgbọ́n má torí ẹ̀ ṣiṣẹ́. Jókòó sínú yàrá tí kò ní fáànù.

Ìgbésẹ̀ kẹjọ: Ibí ni wàá ti gboyè. Hama, ìyá àgbà adarí-omi kan nínú eré náà tí wọ́n tì mọ́lé ní Ilẹ̀ Iná, orílẹ̀-èdè ọ̀tá, ronú pé omi ló kún inú gbogbo ohun abẹ̀mí. Ó fi eku kọ́ bí wọ́n ṣe ń darí ẹ̀jẹ̀, nígbà tí òṣùpá kún, ó gbá ẹ̀ṣọ́ mú látinú ẹ̀jẹ̀, ó sì sá lọ. Omi sì lé ní ìdajì ara àgbàlagbà lóòótọ́. Nítorí náà, bẹ lándílọ́ọ̀dù rẹ kí wọ́n má wá gba owó ilé títí di alẹ́ òṣùpá àrànmọ́jú. Tí wọ́n bá dé, dọ̀bálẹ̀, kí wọn, “Ẹ kú alẹ́, sà.” Dìde. Na ọwọ́ méjèèjì sí wọn, kí o tì wọ́n padà sẹ́nu géètì. Wọ́n á rò pé owó lo ń nà sí wọn, àwọn náà á na ọwọ́. Tún tì wọ́n, kó le ju ti àkọ́kọ́ lọ. Tí wọ́n bá ṣì dúró síbẹ̀, san owó ilé.